Irun Àsíátù Nínú Pósí Jímọ̀h

Kí n tó sọ̀rọ̀ olè, ẹ jẹ́ kí n kọ́kọ́ sọ̀rọ̀ òmùgọ̀, nítorí òmùgọ̀ ni olè fi ń jẹun, èmi sì ni ọbẹ̀ ọjọ́ náà. Irun tí wọ́n kó sínú pósí kékeré ní Dichemso, tí wọ́n fi aṣọ funfun wé, tí àwọn àgbà obìnrin gbá mọ́ àyà sunkún, irun orí èmi Àsíátù ni. Mo wà níbẹ̀. Mo sunkún títí ikun imú mi fi ba aṣọ mi jẹ́. Mo tún dáwó. Bí ẹnikẹ́ni bá mọ ẹlòmíràn tó ti dáwó ìsìnkú irun ara rẹ̀ rí, kó jọ̀wọ́ mú mi mọ̀ ọ́n, ká jọ dá ẹgbẹ́ sílẹ̀.

Kumasi la wà, ó ku ọdún kan kí Gánà gba òmìnira. Àwa obìnrin Yorùbá, àwọn tó ti Ògbómọ̀ṣọ́ àti Ọ̀yọ́ wá àti àwọn tí wọ́n bí síbẹ̀ bíi tèmi, ní ìlà ìsọ̀ kan nítòsí Race Course, pápá eré ẹṣin. Abọ́ tánńganran ni mo ń tà. Jímọ̀h Bákàrè sì ni akọ̀wé ìjọba tó ń gba owó ìsọ̀ lọ́wọ́ wa lọ́dọọdún. Ará Ògbómọ̀ṣọ́ ni bàbá rẹ̀, Ashanti ni ìyá rẹ̀. Àwa ń pè é ní Jímọ̀h, ẹbí ìyá rẹ̀ ń pè é ní Kofi, nítorí ọjọ́ Jímọ̀h ni wọ́n bí i, ohun tí àwọn náà sì ń pe ọmọ ọjọ́ yẹn nìyẹn.

Ọkùnrin náà mọ ẹnu lò. Bó bá dé ìsọ̀ mi, á ṣí fìlà, orí rẹ̀ tí wọ́n máa ń fá ní gbogbo Jímọ̀h á máa dán bí abọ́ tuntun, á ní, "Ìyá Arẹwà, oòrùn kan ń ràn níta, òmíràn ń ràn nínú ìsọ̀." Ẹ̀rín á pa mí. Màá sanwó ọdún náà, màá tún san ti ọdún tó ń bọ̀. Oòrùn wo? Èmi tí mo dúdú bí ìdí ìkòkò, tí mo sì sanra bí àpò gààrí. Ṣùgbọ́n ta ni yóò dúró yẹ rìsíìtì wò nígbà tí wọ́n ń pè é ní oòrùn?

Jímọ̀h fẹ̀yìn tì. Wọ́n kó bisikíìtì àti ọtí ẹlẹ́rìndòdò síwájú rẹ̀ ní ọ́fíìsì, ọ̀gá kan sọ̀rọ̀ pé olóòótọ́ ènìyàn ni, ó sì lọ sílé lọ dúró de owó ìfẹ̀yìntì rẹ̀. Kò pẹ́ lẹ́yìn náà ni ọkùnrin kan wọ ìlà ìsọ̀ wa, ó gbẹ bí ìgbálẹ̀ àtijọ́, ó wọ gíláàsì tó fẹ̀ ju ojú rẹ̀ lọ. Alfred ni orúkọ rẹ̀, ará Cape Coast, ọ̀tẹlẹ̀múyẹ́ tí wọ́n ní kó wá owó ìjọba tó sọnù. Ìsọ̀ mi ló ti bẹ̀rẹ̀.

"Rìsíìtì rẹ dà?"

Mo mú un jáde. Mo ń yangàn, torí mo kó gbogbo rẹ̀ pamọ́ sínú agolo mílíìkì.

"Ta ló fún ọ ní èyí?"

"Jímọ̀h. Ó ní òǹtẹ̀ lára."

"Òǹtẹ̀ wo? Orí ẹṣin ni mo rí. Ìgbà wo ni ẹṣin wọ iṣẹ́ ìjọba?"

Mo wò ó dáadáa fún ìgbà àkọ́kọ́. Orí ẹṣin ni lóòótọ́. Tíkẹ́ẹ̀tì àwọn tó ń ta tẹ́tẹ́ eré ẹṣin ni Jímọ̀h ti ń kó fún wa láti ọdún méjì, ó kàn fi yíǹkì wọ́ nǹkan sára rẹ̀. Gbogbo ìlà ìsọ̀ wa ló ní ẹṣin nínú agolo. A ò kàwé, mo gbà, ṣùgbọ́n a mọ ẹṣin. A kàn ń wò ó pé ìjọba ló fẹ́ràn ẹranko.

Alfred sọ ohun tó wà nílẹ̀ fún wa, kò sì fi oyin sí i. Owó wa kò dé ọ́fíìsì. Owó ìfẹ̀yìntì Jímọ̀h ṣì wà lọ́wọ́ ìjọba, àtinú rẹ̀ ni wọ́n fẹ́ yọ ohun tó kó jẹ, kí wọ́n sì ka owó ìsọ̀ sí èyí tí a ti san. Ṣùgbọ́n Jímọ̀h gbọ́dọ̀ wá fi ẹnu ara rẹ̀ dáhùn lọ́jọ́ Ajé. Bí owó náà kò bá ṣeé yọ, ajẹgbèsè ni gbogbo wa, wọn yóò sì kó àwọn ìsọ̀ náà fún ẹlòmíràn lópin oṣù. Ìsọ̀ yẹn ni mo fi ń bọ́ ọmọ mẹ́rin láti ìgbà tí bàbá wọn ti kú. N kò ní òmíràn.

Ó ku ọjọ́ méjì kí ọjọ́ Ajé náà pé ni wáyà dé láti Yeji, lọ́nà òkè, létí odò. Wọ́n ní Jímọ̀h lọ ra ẹja gbígbẹ, ibà gbé e dè, ó kú, wọ́n sì ti sin ín lọ́jọ́ kan náà bí Mùsùlùmí ṣe ń ṣe. Ẹ wo ènìyàn tó mọ àkókò tó yẹ kí a kú.

Kò sí ẹni tó bèèrè ohunkóhun nínú àwa Yorùbá. Ṣé a máa ń fi òkú Mùsùlùmí sílẹ̀ sùn ni? Bàbá Sàlàkọ́, àbúrò bàbá Jímọ̀h, tó wò ó dàgbà, jókòó sórí ẹní, kò sọ ju "Ínnà lilláhì" lọ. Nígbà tí àwọn obìnrin ìlà wa bẹ̀rẹ̀ sí í kùn pé owó àwọn ti bá òkú lọ, èmi gan-an ni mo dìde, mo bú wọn, mo ní aláìláàánú ni wọ́n. Kùdírátù, ìyàwó Jímọ̀h, ọ̀rẹ́ mi ni. Ojoojúmọ́ ni mo ń ru tùwó lọ fún un nínú opó. Abọ́ tí mo bá gbé lọ, oúnjẹ ẹni méjì ni, òfìfo ni mo sì ń gbé bọ̀. Mo ní ìbànújẹ́ ló ń pa á lébi. Mo tún fi ẹran kún un.

Alfred ló wá bá mi ní ìsọ̀, ó sọ pé òfin ọ́fíìsì wọn ni pé a kì í bi òkú ní ìbéèrè. Bí ẹbí bàbá àti ẹbí ìyá bá ti tẹ̀ka sí ìwé pé òkú kú lóòótọ́, owó ìfẹ̀yìntì di ti ìyàwó, ìjọba kò lè yọ kọ́bọ̀. Bàbá Sàlàkọ́ ti tẹ̀ka. Ó ku ẹbí ìyá.

Ẹbí ìyá ni Maame Yaa. Ẹ̀gbọ́n Jímọ̀h ni, ìyá kan náà ló bí wọn, ó ń ta kókò yíyan ní Dichemso, kò sì sí ẹni tó lè fi ohùn pariwo mọ́ ọn. Ó ní òun kò mọ Yeji, òun kò mọ wáyà. Ashanti kì í fi ẹnu lásán sin òkú. Bí ará ilé wọn bá kú sí ọ̀nà jíjìn, tí òkú kò ṣeé gbé, irun orí rẹ̀ àti èékánná rẹ̀ ni wọ́n ń mú wálé, wọn á tò ó sínú pósí kékeré, wọn á sì ṣe ayie rẹ̀, ìyẹn ìsìnkú, bí ẹni pé gbogbo ara ló wà níbẹ̀. Kí Kùdírátù mú irun àti èékánná wá. Láìsí irun, kò sí ìka. Ó sì fẹ́ ẹ kí ilẹ̀ ọjọ́ kejì tó ṣú.

Lọ́sàn-án ọjọ́ náà ni mo gbé tùwó dé. Ẹ jọ̀ọ́, ẹ fara balẹ̀, ibi tí ojú ń tì mí nìyí. Ọmọ mi kékeré ti kó iná orí wá láti ilé kéwú, kòkòrò wẹ́wẹ́ tó ń gbé inú irun yẹn, wọ́n sì ti fi orí rẹ̀ sílẹ̀ wá bá tèmi, bóyá torí pé ó láyè jù. Mo ti ń da kẹrosíìnì sórí láti àná rẹ̀. Bí ẹnikẹ́ni bá ṣáná nítòsí mi, fìtílà ni mo jẹ́. Mo ń họ orí bí ajá. Kùdírátù wò mí, ojú rẹ̀ mọ́lẹ̀ lójijì.

"Ọ̀rẹ́ mi, jókòó, jẹ́ kí n bá ọ gé e kúrò."

Mo jókòó. Opó ń tọ́jú mi, mo ní ẹ wo ìwà. Ó gé irun náà wẹ́wẹ́. Ó ní kí n mú ọwọ́ wá, ó bá mi gé èékánná, èyí tí mo fi làálì kùn fún ìgbéyàwó ọmọ ẹ̀gbọ́n mi. Ó kó gbogbo rẹ̀ sínú ìwé ìròyìn, ó ní òun yóò bá mi sin ín kí ọwọ́ ọ̀tá má baà tẹ̀ ẹ́. Kò sì parọ́, ó sin ín. Ó kàn gbàgbé láti sọ fún mi pé òun máa pe èrò.

Ní Sátidé ọ̀sẹ̀ kejì lẹ́yìn wáyà, wọ́n ṣe ayie náà nínú àgbàlá Maame Yaa. Àwọn Ashanti jókòó lápá kan nínú aṣọ dúdú àti pupa. Àwa Yorùbá jókòó lápá kejì, a ń ṣe bí ẹni tó mọ ohun tó ń lọ. Láàárín, lórí tábìlì, abọ́ ńlá tí wọ́n fi ń gba owó àwọn tó wá ṣọ̀fọ̀ wà níbẹ̀, abọ́ tèmi ni, òdòdó rósì wà lára rẹ̀, Maame Yaa yá a lọ́wọ́ mi. Ẹnikẹ́ni tó bá dáwó, ọkùnrin kan á kígbe orúkọ rẹ̀ àti iye tó mú wá kí gbogbo ayé gbọ́. Ẹlẹ́hàá kan jókòó ti tábìlì náà pẹ́kípẹ́kí, aṣọ dúdú bò ó láti orí dé ẹsẹ̀, ìbòjú dí i lójú pátá. Gbogbo ìgbà tí wọ́n bá ti kígbe iye owó, ẹlẹ́hàá náà á fa ìlẹ̀kẹ̀ tẹ̀sùbáà rẹ̀ kan. Èmi rò pé àdúrà ni. Mo ní, àní obìnrin tí kì í jáde nílé jáde nítorí Jímọ̀h. Ni mo bá tún bẹ̀rẹ̀ ẹkún.

Alfred náà wà níbẹ̀, ó ró aṣọ dúdú, ó dá ṣílè kan, wọ́n sì kígbe rẹ̀. Ìwé tó mú wá wà lórí tábìlì pẹ̀lú yíǹkì, ìka Maame Yaa nìkan ló kù.

Maame Yaa ní òun kò ní tẹ̀ka sí ohun tí òun kò fojú rí. Ó ṣí pósí. Ó tú aṣọ funfun. Ó fà sẹ́yìn.

"Kùdírátù, kí ló dé tí Kofi ń rùn bí fìtílà?"

Kùdírátù fi gèlè nu ojú tó gbẹ. Ó ní lọ́rì tó gbé e bọ̀ láti Yeji, kẹrosíìnì ló kó. Àwọn Ashanti mi orí. Maame Yaa bèèrè bí orí tí wọ́n ń fá lọ́sọ̀ọ̀sẹ̀ ṣe ní irun. Ó ní ìgbà àìsàn ló hù. Wọ́n tún mi orí. Alfred wá síwájú bí ẹni tó fẹ́ ṣọ̀fọ̀, ó fi ìka méjì mú èékánná kan sókè sí oòrùn. Pupa ni.

"Ọkùnrin ló ni èyí?"

"Bí àwọn àlùfáà Yeji ṣe ń ṣe òkú nìyẹn," ni Kùdírátù wí. "Wọ́n ń fi làálì kùn ún."

Gbogbo àwọn Ashanti yíjú sí wa, àwa Mùsùlùmí, kí a jẹ́rìí. Àwa náà wo ara wa. Oníkálukú ń rò ó pé bóyá bẹ́ẹ̀ ni wọ́n ń ṣe ní Yeji lóòótọ́, kò sì sí ẹni tó fẹ́ kí wọ́n mọ̀ pé òun kò mọ̀. Ohun tí Jímọ̀h fi jẹun nìyẹn: ohun tí àwọn tibí kò mọ̀ nípa àwọn tọ̀hún. Alfred ju èékánná sílẹ̀. Kò rí ẹni tì í lẹ́yìn. Maame Yaa mí kanlẹ̀, ó ki àtàǹpàkò bọ yíǹkì.

Ìgbà náà ni iná kan jáde kúrò nínú irun náà. Ó gun orí aṣọ funfun, ó dúró, ó wo ọ̀tún, ó wo òsì, ó ń lọ jẹ́jẹ́ bí ẹni tó ń lọ ọjà. Mi ò lè sọ pé mo mọ ojú rẹ̀. Ṣùgbọ́n irun tó ń rùn ní kẹrosíìnì, èékánná tó pọ́n ní làálì, àti iná tó wà láàyè lórí òkú tí wọ́n ti sin láti ọjọ́ pípẹ́: àwọn mẹ́tẹ̀ẹ̀ta yìí, mo mọ ilé wọn. Mo fi ọwọ́ kan gèlè mi. Abẹ́ rẹ̀ ni.

Mo mọ ohun tó wà níwájú mi. Bí ìka yẹn bá kan ìwé, owó di ti Kùdírátù, ìsọ̀ mi di ti ẹlòmíràn. Bí mo bá sọ̀rọ̀, gbogbo Kumasi, láti Dichemso títí dé Kejetia, á gbọ́ pé Àsíátù arẹwà, oòrùn inú ìsọ̀, iná ló ń jẹ ẹ́ lórí. Ẹ má rò pé n kò dúró rò ó. Mo rò ó. Ọmọ mẹ́rin wà lápá kan, gèlè wà lápá kejì, gèlè sì fẹ́ tẹ̀wọ̀n jù. Mo dìde, mo tú u.

"Maame Yaa, ẹ gbé ọwọ́ yín sókè. Irun mi ni. Iná yẹn náà, tèmi ni."

Orí mi rí bí oko ẹ̀pà tí ewúrẹ́ wọ̀. Maame Yaa rìn wá bá mi, ó wo orí náà yíká, ó fa ọwọ́ mi, ó gbé èékánná inú pósí lé ẹ̀gbẹ́ tèmi. Pupa kan náà ni. Ó yíjú sí Kùdírátù, ó sọ ọ́ ní Twi, "Woboa," irọ́ lo pa. Lẹ́yìn náà ló rọ ohùn sílẹ̀, èyí tó dẹ́rù bà mí ju ariwo rẹ̀ lọ.

"Àbúrò mi dà?"

Ojú Kùdírátù ṣèèṣì lọ síbi tábìlì. Kí a tó yíjú síbẹ̀, ẹlẹ́hàá ti gbé abọ́ owó sí abíyá, ó ti fo bẹ́ǹṣì, ó ti jáde. Abẹ́ aṣọ dúdú náà ni mo ti rí bàtà akọ̀wé, aláwọ̀ ilẹ̀, tó ní okùn.

Alfred fọn fèrè. Gbogbo ènìyàn lé olè, èmi lé abọ́ mi, torí ẹni tó yá mi ní owó tí mo fi rà á kò tíì dárí jì mí. Ẹlẹ́hàá gba ẹ̀yìn ilé àwọn aláró, ó da ìkòkò ọbẹ̀ ẹnìkan nù, ó sì fi ohùn obìnrin bẹ̀bẹ̀ pé kí wọ́n má bínú. Ẹni tó ń sá tó ṣì ń bẹ̀bẹ̀, ẹ̀kọ́ ilé ni. Ọkùnrin kan tó ń ti ọmọlanke rí obìnrin Mùsùlùmí tí ọkùnrin ń lé, ó fi ọmọlanke dínà mọ́ Alfred, ó fẹ́ lù ú. Kí Alfred tó ṣàlàyé ara rẹ̀ tán, ẹlẹ́hàá ti wọ apá obìnrin nínú mọ́ṣáláṣí kan. Alfred dúró lẹ́nu ọ̀nà, bàtà lọ́wọ́, kò lè wọlé. Èmi wọlé. Abọ́ mi wà nílẹ̀ lórí ẹní, kò ní ihò, kò sì ní owó nínú mọ́. Fèrèsé ẹ̀yìn ṣí sílẹ̀. Mo gbé abọ́ mi dé orí, ó tilẹ̀ bá mi bo ìtìjú, a tún ń sáré lọ.

Ní gáréèjì Kejetia, ọmọdé kan nawọ́ sí lọ́rì Tamale tó ti fẹ́ ṣí, ó ní ẹlẹ́hàá kan ṣẹ̀ṣẹ̀ sáré gun un. Táhírù ni awakọ̀ rẹ̀, ọmọ Zongo, àdúgbò àwọn Mùsùlùmí àlejò. Alfred na ọwọ́ dá a dúró, ó gun ẹ̀yìn lọ́rì, ó sì dúró bí igi. Ẹlẹ́hàá mẹ́ta ló jókòó síbẹ̀, dúdú, dúdú, dúdú, kò sí èyí tó yàtọ̀. Wọ́n fi aṣọ bo ẹsẹ̀.

"Kí èkíní ṣí ìbòjú," ni Alfred wí.

"Ta ló bí ọ tó o fi máa ṣí obìnrin Mùsùlùmí wò lórí lọ́rì tèmi?" Táhírù ti mú irin tó fi ń ṣí táyà lọ́wọ́. "Fọwọ́ kàn wọ́n, kí o rí."

Èrò ti pé jọ. Àwọn tí kò mọ ohun tó ṣẹlẹ̀ ló bínú jù. Wọ́n ní kí èmi obìnrin gòkè lọ wò wọ́n, mo ní èmi kọ́. Bí mo bá ṣí ìyàwó oníyàwó wò lójú ọjà, irun tó kù lórí mi, ọkọ rẹ̀ ni yóò bá mi gé e. Táhírù fún Alfred ní àkókò díẹ̀ kó sọ̀kalẹ̀. Ẹ́ńjìnnì ń kù. Mo ń wo ìsọ̀ mi bó ṣe ń wọ lọ́rì lọ sí Tamale.

Bàbá Sàlàkọ́ ló dé níkẹyìn, ó ń mí hẹlẹ hẹlẹ, ó fi ọ̀pá ti ara. Èrò là fún un, torí gbogbo Zongo ló mọ̀ ọ́n. Ó bi Táhírù bóyá èèwọ̀ ni kí àwọn ìyá náà kàn sọ̀kalẹ̀, láìjẹ́ pé ẹnikẹ́ni fọwọ́ kàn wọ́n, kí òun àgbà lè bẹ̀ wọ́n fún ìdádúró yìí. Táhírù ní kò sí èèwọ̀ ńbẹ̀. Wọ́n sọ̀kalẹ̀, wọ́n tò.

Ẹ jẹ́ kí n sọ irú ẹni tí Bàbá Sàlàkọ́ jẹ́. Ọmọ tó bá wà nínú ilé rẹ̀, bó bá ti gbọ́ tí bàbá wúkọ́ lẹ́nu ọ̀nà, àyà rẹ̀ gbọ́dọ̀ ti kan ilẹ̀ kí bàbá tó wọlé, kò sì gbọ́dọ̀ dìde àfi bí bàbá bá ní kó dìde. Èyí tó bá pẹ́, pàṣán ni yóò kọ́ ọ. Jímọ̀h kò mọ ilé mìíràn láti kékeré.

Bàbá dúró níwájú wọn. Ó wúkọ́. Títí dòní, n kò mọ̀ bóyá ó mọ̀ọ́mọ̀ ni, tàbí eré ìje ló fà á.

Obìnrin méjì kúnlẹ̀. Ẹlẹ́hàá kẹta dọ̀bálẹ̀ gbalaja, àyà lórí eruku, ọwọ́ lẹ́yìn, ojú nílẹ̀, dọ̀bálẹ̀ ọmọkùnrin tí wọ́n kọ́ dáadáa. Bó ṣe balẹ̀ ni owó tú lábẹ́ aṣọ rẹ̀, ṣílè ń yí gbirigbiri wọ abẹ́ lọ́rì. Táhírù wo ẹlẹ́hàá, ó wo irin ọwọ́ rẹ̀, ó rọra lọ dá a padà sí ibi tó ti mú un. Alfred tẹ̀ríba, ó ṣí ìbòjú. Orí Jímọ̀h ń dán.

"Ẹ káàárọ̀, Bàbá," ni Jímọ̀h wí láti inú eruku. Oòrùn ti ń wọ̀.

Bàbá Sàlàkọ́ yíjú padà, ó ń lọ ilé.

Ní àgọ́ ọlọ́pàá, àwa mẹ́rin la jókòó sórí bẹ́ǹṣì: Maame Yaa, Kùdírátù, èmi, àti abọ́ mi. Alfred kò jókòó, ó dúró ti Jímọ̀h.

"Orúkọ rẹ?"

"Ọ̀gá, ẹ mọ̀ mí."

"Òkú ni mo mọ̀. Orúkọ rẹ?"

"Jímọ̀h Bákàrè."

"Níbo lo kú sí?"

"Ayigya, ní Kumasi níbí."

"Yeji ni wáyà ti wá."

"Mo fún awakọ̀ kan lówó kó lọ tẹ̀ ẹ́ ránṣẹ́ níbẹ̀."

"Owó ìsọ̀ àwọn obìnrin yìí dà?"

"Ó wà lára ilé."

"Ilé wo?"

"Èyí tí mo ń kọ́ ní Ayigya. Ó ku òrùlé."

"Kí lo fẹ́ fi ra òrùlé?"

Jímọ̀h wo ẹsẹ̀ rẹ̀. "Owó ìfẹ̀yìntì," ló wí.

Ó jẹ́wọ́ gbogbo rẹ̀ láìsí ẹni tó nà án. Inú ilé tí kò ní òrùlé yẹn ló ti ń sùn, tùwó mi sì ni Kùdírátù ń rù lọ fún un. Ó tilẹ̀ ní ọ̀sẹ̀ tí mo fi ẹran kún un, òun gbàdúrà fún mi. Alfred bi í léèrè ohun kan tó kù. Ó ti kú tán, ó ti bọ́ tán, kí ló wá dé ibi ìsìnkú ara rẹ̀? Jímọ̀h wo Maame Yaa, ó wo ìyàwó rẹ̀.

"Owó tí wọ́n ń dá ni. N kò mọ èyí tí mo lè fọkàn tán nínú àwọn méjèèjì."

Kùdírátù, tí kò da omi lójú láti ìgbà tó ti di opó, bẹ̀rẹ̀ sí í sunkún níbẹ̀. Ẹkún gidi ni. Maame Yaa ló fún un ní aṣọ tó fi nu imú.

Adájọ́ ló sọ iye ọdún tí Jímọ̀h máa lò lẹ́wọ̀n. Kùdírátù sọ ní kóòtù pé ọkọ ló ní kí òun ṣe é, wọ́n kìlọ̀ fún un, wọ́n sì gba ògiri tí kò ní òrùlé lọ́wọ́ rẹ̀. Ó máa ń gba iwájú ìsọ̀ mi kọjá nígbà mìíràn. A ń kí ara wa. N kò jókòó fún un mọ́. Owó tí wọ́n ṣà lábẹ́ lọ́rì, Maame Yaa dá a padà fún àwọn tó dá a, ó sì ya wá lẹ́nu bí àwọn ènìyàn ṣe lawọ́ tó lọ́jọ́ yẹn: gbogbo ohun tí wọ́n ní àwọn dá ju ohun tó wà nínú abọ́ lọ ní ìlọ́po méjì. Ní ti pósí, wọ́n ti sin ín kí wọ́n tó rántí, Maame Yaa sì ní òun kò ní hú ohun tí àwọn àgbà ti da ọtí sí. Irun mi ṣì wà láàárín àwọn baba ńlá Ashanti. Mo ní ìrètí pé wọn kò tíì máa họ orí.

Ọjọ́ tí wọ́n yọ owó náà, ọ́fíìsì pe gbogbo ìlà ìsọ̀ wa. Wọ́n mú Jímọ̀h wá láti ẹ̀wọ̀n kó wá fọwọ́ sí i. Bàbá Sàlàkọ́ gbọ́dọ̀ wà níbẹ̀, torí òun ló kọ́kọ́ tẹ̀ka pé òkú ni, òun náà ni yóò tẹ̀ka pé ó jí. Wọ́n yọ owó ọdún méjì ti gbogbo wa. Ohun tó kù fún Jímọ̀h lẹ́yìn iṣẹ́ ìjọba láti ìgbà èwe, kò tó ra páànù kan. Akọ̀wé tuntun fún wa ní rìsíìtì. A yẹ̀ ẹ́ wò lójú àti lẹ́yìn, a gbé e sí oòrùn, a wá ẹṣin níbẹ̀, a kò rí i. Ìgbà náà ni obìnrin kan nínú wa kọ́kọ́ rẹ́rìn-ín, ni gbogbo wa bá rẹ́rìn-ín títí àwọn akọ̀wé fi jáde wá wò wá. Mo ní ìsọ̀. Àwọn ọmọ mi yóò jẹun.

Nígbà tí ẹ̀rín náà rọlẹ̀ la rí Jímọ̀h. Ó ti dọ̀bálẹ̀ síwájú bàbá rẹ̀ nínú aṣọ ẹ̀wọ̀n, lórí símẹ́ńtì, ọlọ́pàá dúró tì í, kò mọ ohun tí òun lè ṣe. Bàbá Sàlàkọ́ ń nu yíǹkì kúrò lára àtàǹpàkò rẹ̀, ó ń nu ún jẹ́jẹ́, ó ń wo ìka náà.

"Bàbá," ni Jímọ̀h wí, "láti ọjọ́ gáréèjì yẹn, ẹ ò tíì ní kí n dìde."